Kásẹ́ẹ̀tì Gẹ̀lẹ̀dẹ́ inú àpótí: bí ẹ ó ṣe lò ó nínú fíìmù tuntun

Tí wọ́n bá yọ kásẹ́ẹ̀tì VHS fún yín nínú àpótí ní Kétu, ẹ má tíì tì í bọ inú ẹ̀rọ. Ẹ gba ojú gíláàsì kékeré ara rẹ̀ wo tépù. Bí nǹkan funfun bí ìyẹ̀fun bá wà létí rẹ̀, ó ti bu nìyẹn. Ẹ̀rọ tó bá gbà á á kó o ran kásẹ́ẹ̀tì mìíràn. Ẹ gbé e fún ẹni tó mọ̀ ọ́n nù. Tó bá mọ́, ẹ ṣẹ́ ike pélébé tó wà létí ibi tí wọ́n ń lẹ orúkọ mọ́, kí ẹnikẹ́ni má baà ṣèèṣì gba nǹkan mìíràn lé e lórí. Ẹ wá yí i dé òpin, ẹ yí i padà, kí tépù tó ti lẹ̀ mọ́ra lè tú.

Bí àwòrán bá jáde ní dúdú àti funfun, ẹ má sọ pé ó ti bàjẹ́. Ọ̀nà tí tẹlifíṣọ̀n ń gbà fi àwọ̀ ránṣẹ́ ló yàtọ̀: SECAM ni tẹlifíṣọ̀n Benin ń lò nígbà náà, PAL ni ti Nàìjíríà, tìhín tọ̀hún ló sì pàdé lẹ́nu ibodè wa. Ẹ wá ẹ̀rọ tó gbọ́ èdè méjèèjì.

Tépù wákàtí kan, wákàtí kan ni yóò fi wọ kọ̀ǹpútà, kò sí ọ̀nà ẹ̀bùrú. Ẹ gbà á ní ìwọ̀n àwòrán 720 × 576, fíréèmù (àwòrán ẹyọ kọ̀ọ̀kan) 25 ní ìṣẹ́jú àáyá kan. Tó bá jẹ́ DV, irú fáìlì fídíò kan, wákàtí kan ń gba nǹkan bíi gigabyte 13. Ẹ̀dà méjì, ilé méjì.

Ìrísí àwòrán ni iṣẹ́ ti sábà máa ń bàjẹ́. Ní fífẹ̀ sí gíga, 4:3 ni tépù, 16:9 ni tẹlifíṣọ̀n ìsinsìnyí. Ẹ fà á gbòòrò, gbogbo oníjó á sanra. Ẹ gé òkè àti ìsàlẹ̀ kó lè kún ojú, ìdá kan nínú mẹ́rin gíga rẹ̀ lọ nìyẹn. Ẹ sì wo ibi tí ọ̀rọ̀ Gẹ̀lẹ̀dẹ́ wà: ejò tó ká, ẹyẹ tó ń ṣá a jẹ, òkè orí igi tí oníjó dé ni wọ́n wà. Tí ẹ bá gé e, ojú lásán ló kù. Ẹ jẹ́ kí dúdú wà lápá ọ̀tún àti òsì; ta ni ìyẹn pa lára?

Fíìmù tí kò ní ohùn ní ìyọnu tirẹ̀. Fádà Aupiais, òjíṣẹ́ ìjọ Àgùdà, àti Frédéric Gadmer, ayàwòrán, ya fíìmù ní Dahomey (Benin òní) ní 1930 fún àkójọ Albert Kahn, oníbáńkì ilẹ̀ Faransé. Fíìmù aláìlóhùn, wọ́n lè ti yà á ní fíréèmù 16 tàbí 18 ní ìṣẹ́jú àáyá kan. Oní 16 tí ẹ bá fi 24 sáré, ìṣẹ́jú kan rẹ̀ á di ìṣẹ́jú àáyá 40, oníjó á máa ta bí ẹni tí èèrà wọ ṣòkòtò rẹ̀. Tí ẹ bá sì fi ìlù òde òní sí i, ẹ kọ ọ́ sójú àwòrán.

Ẹni tó ni kásẹ́ẹ̀tì lè má ni àwòrán inú rẹ̀. Ti ORTB, iléeṣẹ́ rédíò àti tẹlifíṣọ̀n ìjọba Benin tẹ́lẹ̀, ẹ kọ̀wé sí SRTB tó rọ́pò rẹ̀. Ti Kahn, ilé àkójọ rẹ̀ ní Boulogne-Billancourt. Olórin inú tépù náà ní ẹ̀tọ́ tirẹ̀, BUBEDRA, iléeṣẹ́ tó ń bójú tó ẹ̀tọ́ àwọn òǹkọ̀wé àti olórin ní Benin, ni kí ẹ béèrè lọ́wọ́ rẹ̀. Kí ìwé àdéhùn sọ ọdún mélòó, orílẹ̀-èdè wo, àti bóyá íntánẹ́ẹ̀tì wà níbẹ̀. Iye ìṣẹ́jú ni wọ́n sábà máa ń ka owó lé, nítorí náà ẹ gé fíìmù tán kí ẹ tó sanwó.

Ẹ sì fi fíìmù náà han Ìyálásẹ̀, obìnrin olórí ẹgbẹ́ Gẹ̀lẹ̀dẹ́, kó tó jáde. Ibi tó bá ní kì í ṣe ti ojú ọjà, ẹ yọ ọ́. Ìwé àṣẹ SRTB kò bo ìyẹn.