Bí a ṣe gbé ìwé ìròyìn olójú mẹ́rin jáde ní Ògbómọ̀ṣọ́

Ọ̀rọ̀ owó ilé ló bí i. Ní ìbẹ̀rẹ̀ sáà tó kọjá, ọ̀rọ̀ kan gba orí WhatsApp kan pé àwọn onílé Under-G, àdúgbò tí àwa akẹ́kọ̀ọ́ yunifásítì ń gbé, ti fẹnu kò láti sọ owó ilé di ìlọ́po méjì. Kò sí orúkọ ẹni tó kọ ọ́, kò sí ọjọ́ tí wọ́n ṣèpàdé, síbẹ̀ kí ilẹ̀ tó mọ́, ọmọbìnrin tí yàrá rẹ̀ kángun sí tèmi ti ń palẹ̀ ẹrù mọ́. Ọjọ́ náà ni mo pe àwọn ẹgbẹ́ akọ̀ròyìn wa jọ pé ìwé ìròyìn wa, tó ti sùn fún odidi ọdún kan, gbọ́dọ̀ jí.

Àwa márùn-ún ni. Wọ́n fi mí ṣe olóòtú. Kí ẹnikẹ́ni tó kọ ìlà kan, a ra ìwé ńlá kan, a sì fa ìlà sí i: àdúgbò, owó ilé lọ́dún, owó agirímẹ́ǹtì, owó kọmíṣọ̀n, ẹni tó gba owó náà, bóyá ó fún wọn ní rìsíìtì tàbí kò fún wọn. Tí a bá ti kúrò ní kíláàsì nírọ̀lẹ́, a ó bọ́ sí Under-G, a ó gba Adéníkẹ̀ẹ́ kọjá, a ó dé ọ̀nà Stádíọ̀mù. Ọjọ́ mẹ́jọ la fi rìn ín. Ilé mọ́kànlélọ́gbọ̀n la wọ̀.

Irọ́ ni ọ̀rọ̀ orí WhatsApp yẹn. Nínú gbogbo onílé tí a bá sọ̀rọ̀, kò sí ẹni tó gbọ́ nípa ìpàdé kankan. Ṣùgbọ́n bí a ṣe ń to ohun tí àwọn akẹ́kọ̀ọ́ sọ jọ, a rí i pé ìyà wà lóòótọ́, ibòmíràn ló wà. Owó ilé fúnra rẹ̀ kò fi bẹ́ẹ̀ gbéra. Owó tí ọmọ tuntun ń san lé e lórí ló pọ̀. Àwọn kan san kọmíṣọ̀n fún ẹjẹ́ǹtì tó fi yàrá hàn wọ́n, wọ́n tún san òmíràn fún ẹni tí kọ́kọ́rọ́ wà lọ́wọ́ rẹ̀, owó kejì yìí kò sì ní rìsíìtì. Àwọn òbí tó wà ní Ṣakí tàbí Ìṣẹ́yìn ń fi owó ránṣẹ́, wọn ò mọ ibi tó ń gbà lọ. Ìròyìn wa nìyẹn.

Ó yá àwọn ẹlẹgbẹ́ mi lára láti kọ ọ́ lójú ẹsẹ̀. Mo ní rárá. Agbẹjọ́ ẹnìkan dá, àgbà òṣìkà ni, a kò sì tíì gbọ́ tẹnu àwọn onílé tán. Bàbá onílé kan wà lọ́nà Stádíọ̀mù tí gbogbo akẹ́kọ̀ọ́ ń bẹ̀rù. A dọ̀bálẹ̀, a sọ ohun tó gbé wa wá. Bàbá kò ní ká dìde kíákíá.

“Ta ló fún yín láṣẹ láti wá bi mí ní iye tí mò ń gba nínú ilé mi?”

Ìbéèrè gidi ni, ó sì yẹ kí ẹni tó bá fẹ́ ṣe akọ̀ròyìn ní ìdáhùn sí i lẹ́nu. Òfin ìpìlẹ̀ Nàìjíríà ti ọdún 1999, ní abala 22, gbé e lé ìwé ìròyìn lọ́wọ́ láti máa mú ìjọba jíhìn fún ará ìlú. Ṣùgbọ́n bàbá kì í ṣe ìjọba, n kò sì ní fi abala yẹn dẹ́rù bà á. Abala 39 ló kan tèmi tiẹ̀: olúkúlùkù ló ní ẹ̀tọ́ láti sọ èrò rẹ̀, láti gba ìròyìn àti láti tan án kálẹ̀. Mo sọ fún bàbá pé a lè béèrè, àwọn náà sì lè ní àwọn ò dáhùn, kò sí ẹni tó lè fipá mú wọn. “Tí ẹ bá ní ẹ ò dáhùn, bàbá, bí ẹ ṣe sọ ọ́ la ó ṣe kọ ọ́.”

Bàbá wò mí títí. Wọ́n wọlé, wọ́n gbé ìwé àkọsílẹ̀ tiwọn jáde. Owó ilé nìkan ló wà níbẹ̀, ọdún lé ọdún. Kọmíṣọ̀n tí wọ́n ń gbà lórúkọ wọn, wọn kò rí kọ́bọ̀ nínú rẹ̀. Ìbínú wọn ju tiwa lọ. Ká ní a ti kọ ìròyìn náà láìdé ọ̀dọ̀ wọn ni, à bá ti pe ẹni tí wọ́n ń fi orúkọ rẹ̀ jẹun ní olè.

Ẹjẹ́ǹtì kan tún ránṣẹ́ sí wa, ó ní òun fẹ́ ra ìdajì ojú ìwé kan fún ìpolówó. Iye tó pè lè gbé owó ìtẹ̀wé wa kúrò pátápátá. A kò gbà á. Ó dùn wá, nítorí ọgọ́rùn-ún náírà ni à ń ta ẹ̀dà kan, àpò ara wa la sì ti mú ìyókù, ṣùgbọ́n ta ni yóò gba ọ̀rọ̀ kọmíṣọ̀n gbọ́ nígbà tí ẹjẹ́ǹtì bá ń rẹ́rìn-ín lójú ewé tó kọjú sí i?

Ibi tí a ti jiyàn jù ni ojú ewé kẹrin. Mo ní Yorùbá ni a ó fi kọ ọ́. Àwọn kan ní ìwé yunifásítì kì í ṣe bẹ́ẹ̀. Mo rán wọn létí pé ìwé ìròyìn àkọ́kọ́ nílẹ̀ wa, Ìwé Ìròyìn tí Henry Townsend dá sílẹ̀ ní Abẹ́òkúta ní 1859, Yorùbá ni wọ́n fi bẹ̀rẹ̀ rẹ̀, kí ìwé kíkà lè mọ́ ará ìlú lára. Àwọn onílé wa ńkọ́? Àwọn ìyá olóúnjẹ, àwọn ọlọ́kadà? Ọ̀rọ̀ tó kàn wọ́n la fẹ́ kọ, kò yẹ ká fi èdè ti ilẹ̀kùn mọ́ wọn. Mo tún máa ń sọ fún àwọn àbúrò mi pé Ládòkè Akíntọ́lá, ọmọ Ògbómọ̀ṣọ́ tí yunifásítì ìlú wa ń jẹ́ orúkọ rẹ̀, jẹ́ olóòtú ìwé ìròyìn Daily Service ní 1943, kó tó di agbẹjọ́rò, kó tó di olórí ìjọba Ìwọ̀-Oòrùn ní 1959. Kíkọ ìròyìn kì í ṣe eré ọmọdé nílùú yìí.

Títo ojú ìwé kò gba àkókò jù. Bébà A3 tí a bá ká sí méjì, ojú mẹ́rin ló ń bí, nítorí náà èèyàn kò lè ní òun fẹ́ ojú márùn-ún. Mo gé ìròyìn kọmíṣọ̀n sí ìdajì, ó sì dára sí i. A gbé e lọ sọ́dọ̀ àgbà òǹtẹ̀wé kan nítòsí Táàkíì. Wọ́n ní ká ka gbogbo rẹ̀ sókè kí wọ́n tó ṣe pléètì tí wọ́n fi ń tẹ̀ ẹ́, torí ojú máa ń fo àṣìṣe, etí kì í fò ó. A ka ọ̀rọ̀ sókè. A kò ka tábìlì iye owó.

Igba ẹ̀dà ti jáde, yíǹkì kò tíì gbẹ tán, nígbà tí àbúrò wa tó kéré jù, ọmọ ọdún kìíní, gbé ìwé ńlá wa ti tábìlì náà, ó sì ní, “Ẹ̀gbọ́n, ẹ wo ibí.” A ti gbé kọmíṣọ̀n ilé mìíràn, 15,000 náírà, sí iwájú ilé bàbá. Bàbá tó ṣí ìwé fún wa.

Ẹnìkan ní kò sí ẹni tó máa rí i, ká kọ àtúnṣe sínú èyí tó ń bọ̀. Ara mi kọ̀ ọ́. A kò lówó pléètì tuntun, nítorí náà báírò la fi ṣe é: a fa ìlà sórí 15,000, a kọ “kò sí” sí i, a kọ “àṣìṣe wa ni” sí etí ìwé, lórí igba ẹ̀dà, ọ̀kọ̀ọ̀kan. NEPA mú iná lọ ní agogo mẹ́jọ. Iná fóònù la fi parí ẹ̀.

Láàárọ̀, kí a tó lẹ ẹ̀dà kankan mọ́ pátákó, mo mú ọ̀kan lọ bá bàbá. Mo jẹ́wọ́ kí wọ́n tó ṣí i. Wọ́n wọ gíláàsì wọn, wọ́n ka ojú ewé kẹrin sókè láti òkè dé ìsàlẹ̀, wọ́n dé ibi báírò, wọ́n fi ìka kàn án.

“Mélòó lẹ fọwọ́ kọ báyìí?”

“Gbogbo igba ni, bàbá.”

Wọ́n ka ẹ̀ẹ̀kan sí i, wọ́n na 300 náírà sí mi, wọ́n ní kí n mú mẹ́ta wá fún àwọn tó ń gbé ilé wọn. Lẹ́yìn náà ni wọ́n bi mí pé ọjọ́ wo ni òmíràn ń jáde. Mo ní Jímọ̀ tó bá parí oṣù.