Bí Mo Ṣe Gbin Igi Cypress Sínú Irà Louisiana

Igi náà kò dúró. Mo ti ki ọwọ́ bọ ẹrẹ̀ dé ìgbọ̀nwọ́, mo ti tẹ gbòǹgbò rẹ̀ mọ́lẹ̀ dáadáa lójú ara mi, ṣùgbọ́n bí mo ṣe yọ ọwọ́ báyìí ló fò sókè, ó sì sùn sórí omi bí ọ̀pá ìpẹja. Bàbá tó ń darí wa wọ́ ẹsẹ̀ nínú ẹrẹ̀ wá bá mi. Kò pariwo. Ó mú igi náà, ó fi ọ̀bẹ kékeré gé àwọn gbòǹgbò tó gùn jù kúrò, ó ká èyí tó kù sínú ọwọ́ bí ẹni di ẹ̀kúnwọ́ ewédú, ó wá kì í bọlẹ̀ ní òòró títí ọrùn rẹ̀, níbi tí gbòǹgbò ti pàdé igi, fi wọ inú ẹrẹ̀. Ó fi gìgísẹ̀ tẹ ẹ̀gbẹ́ rẹ̀ lẹ́ẹ̀mejì, ó ní kí n fà á. Mo fà á. Kò mira.

"Ọrùn rẹ̀ ni kó o máa wò, ọmọ mi," ló wí.

Mo ní, "Mo ti gbọ́, sà." Igi méjì péré ni mo tíì gbìn nígbà náà, agogo mẹ́wàá àárọ̀ sì ti kọjá.

Ọdún kẹfà mi rèé ní New Orleans, ní ìpínlẹ̀ Louisiana ní Amẹ́ríkà. Ìgbókọ̀dá ni wọ́n ti bí mi, ẹ̀gbọ́n ìyá mi sì gbé Ayétòrò títí òkun fi wó yàrá tó ń sùn. Torí náà, nígbà tí mo gbọ́ pé wọ́n ń wá àwọn tí yóò bá wọn gbin igi sí irà tí omi iyọ̀ ti pa, mi ò dúró gba ìmọ̀ràn ẹnikẹ́ni kí n tó forúkọ sílẹ̀. Wọ́n ní kí a wá ní Sátidé kan nínú oṣù Kìíní, kí a wọ aṣọ tí kò ní dùn wá bó bá bàjẹ́, kí a mú omi mímu àti ìbọ̀wọ́ dání. Oṣù Kìíní ni, torí pé cypress máa ń wọ́ gbogbo ewé rẹ̀ dànù nígbà òtútù, tí yóò dúró ní ìhòòhò bí igi tó ti kú. Ìdí nìyẹn tí wọ́n fi ń pè é ní apárí. Ó ń sùn ni. Bí èèyàn bá ṣí i nídìí ní àkókò yẹn, kò ní mọ̀.

Kí a tó lọ síbi iṣẹ́, bàbá kọ́kọ́ kó wa lọ sí Bayou Bienvenue, lẹ́yìn àdúgbò Lower Ninth Ward. A gun àtẹ̀gùn kọjá odi tó ń dá omi dúró, a sì dúró sórí pèpéle onípákó tí wọ́n kọ́ síbẹ̀. Omi ló lọ salalu níwájú wa, kùkùté igi sì yọ orí jáde nínú rẹ̀ káàkiri, àwọ̀ wọn rí bí eérú, wọn ò ní ẹ̀ka kankan. Bàbá ní nígbà tí òun wà ní kékeré, igbó ṣíṣú ni gbogbo ibẹ̀. Ibẹ̀ ni wọ́n ti ń dẹ akàn, ibẹ̀ ni wọ́n ti ń pẹja, oòrùn kì í sì í kan omi. Ó na ìka sí kùkùté kan, ó ní ó ṣeé ṣe kí òun ti so ọkọ̀ mọ́ ọn rí.

Ohun tó pa igbó yẹn kì í ṣe àdììtú. Ọdún 1958 ni àwọn ẹnjiníà ọmọ ogun Amẹ́ríkà bẹ̀rẹ̀ sí gbẹ́ ọ̀nà omi kan tó gùn tó máìlì 76, kí ọkọ̀ òkun lè gba tààrà láti Òkun Mẹ́síkò wọ New Orleans láì tẹ̀ lé odò Mississippi tó ń lọ́ kọ́lọkọ̀lọ. Wọ́n parí rẹ̀ ní 1968. Mississippi River Gulf Outlet ni orúkọ rẹ̀ nínú ìwé, ṣùgbọ́n "Mr. Go" ni àwọn ará ibí ń pè é. Ọ̀nà tí ọkọ̀ gbà wọlé náà ni iyọ̀ gbà wọlé. Cypress lè fi ẹsẹ̀ rẹ̀ sínú omi fún ọgọ́rùn-ún ọdún láì jẹrà, ṣùgbọ́n kò lè mu iyọ̀. Bí ó ṣe ń kú ni gbòǹgbò rẹ̀ tó di ilẹ̀ mú ń tú, ilẹ̀ náà ń rì, omi sì ń gba ibẹ̀. Nígbà tí ìjì Katrina dé ní ọjọ́ 29 oṣù Kẹjọ ọdún 2005, igbó tó yẹ kó dín agbára omi kù ti di omi gbalasa. Ọdún 2009 ni wọ́n tó kó òkúta dí ọ̀nà náà pa. Mo máa ń rò ó pé ká ní iye igbó tó kú wà nínú ìṣirò àwọn tó gbẹ́ ẹ, bóyá wọn ì bá má gbẹ́ ẹ rárá.

Kí Mr. Go tó dé sì ni ayé ti ń na ọwọ́ sí igi yìí. Láti òpin àwọn ọdún 1800 títí di nǹkan bíi 1930 ni àwọn onísọ́míìlì fi gé èyí tó pọ̀ jù nínú àwọn àgbà cypress Louisiana, òmíràn nínú wọn sì ti lo ju ẹgbẹ̀rún ọdún lọ. Ẹ̀rọ tó ń fi ooru omi ṣiṣẹ́, tí wọ́n gbé sórí ọkọ̀, ni wọ́n fi ń wọ́ ìtì igi gba inú ẹrẹ̀ kọjá. Ojú ibi tí wọ́n ti wọ́ wọn ṣì wà títí dòní: bí èèyàn bá wo irà láti òkè, yóò rí ìlà tó yà láti ojú kan bí wáyà inú táyà kẹ̀kẹ́. Ọdún 1963 ni ìjọba ìpínlẹ̀ sọ cypress di igi àmì Louisiana, nígbà tí èyí tó pọ̀ nínú àwọn àgbà rẹ̀ ti di pákó àti òrùlé.

Gbogbo gúúsù ìpínlẹ̀ yìí, odò Mississippi ló fi erùpẹ̀ kọ́ ọ, láàárín bí ọdún 7,000. Ó kún, ó tú erùpẹ̀ sílẹ̀, ilẹ̀ ga sí i. Lẹ́yìn omíyalé ńlá ọdún 1927, ìjọba mọ odi tó lágbára ju ti tẹ́lẹ̀ sí etí odò kí ó má baà pa ìlú rẹ́ mọ́, erùpẹ̀ kò sì rí ibi yà sí. Inú òkun jíjìn ló ń lọ. Epo rọ̀bì sì wà níbẹ̀, láti ìgbà tí wọ́n ti rí i nítòsí Jennings ní 1901. Ẹgbẹẹgbẹ̀rún máìlì ọ̀nà omi ni wọ́n gbẹ́ kọjá nínú irà nítorí kànga epo àti páìpù. Láàárín 1932 sí 2016, ilẹ̀ tó tó 4,800 kìlómítà onígun mẹ́rin ló di omi ní etíkun Louisiana. Ìpínlẹ̀ Èkó látòkè délẹ̀ kò tó bẹ́ẹ̀.

Ibi tí a ti gbin igi wà ní apá St. Bernard, nínú irà tí wọ́n ń pè ní Central Wetlands. Ọkọ̀ pẹlẹbẹ ló gbé wa débẹ̀. A wọ ṣòkòtò rọ́bà tó so mọ́ bàtà, tó gùn dé àyà. Bàbá kò jẹ́ kí ẹnikẹ́ni sọ igi kalẹ̀ kí òun tó ti ẹ̀rọ tó ń ka iyọ̀ bọ omi. Níbi àkọ́kọ́ tí a dúró sí, ó wò ó, ó mi orí, ó ní kí a tún wa ọkọ̀ síwájú. Ibi kejì ló tẹ́ ẹ lọ́rùn. Nínú gbogbo ohun tí mo rí lọ́jọ́ náà, èyí ni mo mú ṣe pàtàkì jù. Ẹni tó bá gbin igi sínú iyọ̀ ń kó òkú jọ ni.

Àwọn igi náà ga dé àyà mi, wọ́n tẹ́ẹ́rẹ́ bí pàṣán. Bí mo bá ti gbin ọ̀kan, mo máa ń fi ike funfun tó rí bíi páìpù wọ̀ ọ́ láti ìdí, mo máa ń gún ọparun sí ẹ̀gbẹ́ rẹ̀, mo sì ń so méjèèjì pọ̀. Nítorí nutria ni. Ẹni tó bá mọ ọ̀yà ti fẹ́rẹ̀ẹ́ mọ nutria, àfi pé inú omi ni tirẹ̀, eyín iwájú rẹ̀ sì pọ́n bí awọ ọsàn. Àwọn oníṣòwò awọ ló kó o wá láti Gúúsù Amẹ́ríkà ní àwọn ọdún 1930, ó bọ́ sí irà, ó sì bí bẹẹrẹ. Kì í jẹ ewé lásán, gbòǹgbò ló ń wú jẹ, ilẹ̀ á sì dà wọ omi. Ìjọba ń san dọ́là 6 lórí ìrù kọ̀ọ̀kan tí ọdẹ bá mú wá. Mo bi bàbá bóyá wọ́n ń jẹ ẹran rẹ̀. Ó ní àwọn kan ń jẹ ẹ́, ó sì dùn.

Lẹ́yìn agogo méjìlá ni ọwọ́ mi tó mọ iṣẹ́ náà. Gé gbòǹgbò, ká a, kì í bọlẹ̀, wo ọrùn, fi gìgísẹ̀ tẹ̀, fà á wò, wọ̀ ọ́ ní ike. Ẹrẹ̀ gba bàtà kan lẹ́sẹ̀ obìnrin tó wà lápá ọ̀tún mi, ó tó èèyàn mẹ́ta kí a tó fà á yọ. Òtútù mú ìka mi débi pé mi ò lè so okùn mọ́. Mo ń dì í mú, ẹlòmíràn ń so ó. Nígbà tí wọ́n fọn fèrè pé ó tó, igi 43 ni mo ti gbìn. Mo so òwú pupa mọ́ ọparun mẹ́wàá nínú wọn kí n lè dá wọn mọ̀.

Oṣù Kẹwàá ni mo padà lọ. Bàbá ló wa ọkọ̀. Nínú mẹ́wàá tèmi, méjì ti lọ tọparun tọparun, ọ̀kan ti gbẹ, ike rẹ̀ sì ṣófo. Méje wà láàyè. Èyí tó ga jù ti kọjá orí ike rẹ̀ ní ẹsẹ̀ bàtà méjì, ewé rẹ̀ sì ti ń pọ́n bí ìpẹtà, òtútù ti ń bọ̀. Mo ki ọwọ́ bọ omi ní ìdí rẹ̀, mo wá ọrùn rẹ̀. Ó wà nínú ẹrẹ̀.