Bẹ́ ẹ ṣe máa wo fọ́tò bàálù ogun Rọ́ṣíà kẹ́ ẹ sì mọ èyí tó jẹ́ gan-an

Ẹ̀gbọ́n bàbá mi tó wà ní Ìkọ̀lé, ṣọ́jà ni wọ́n nígbà ogun abẹ́lé, wọ́n ní fọ́tò kan tí wọ́n máa ń fi sínú Bíbélì, àwọn ọmọkùnrin mẹ́ta dúró níwájú bàálù kan ní Kánò. Látìgbà tá a ti gbọ́njú la ti ń pè é ní "jẹ́ẹ̀tì Rọ́ṣíà", kò sẹ́ni tó bi wọ́n rí pé jẹ́ẹ̀tì wo. Nígbà ọdún Àjíǹde tó kọjá, a jẹyán tán, mo gba fọ́tò yẹn, mo fi fóònù yà á, mo fẹ̀ ẹ́ dáadáa, mo ka ohun tó wà lórí apá ẹ̀, mo ní Bàbá, MiG-17 rèé. Wọ́n wò mí títí. Bí mo ṣe mọ̀ ọ́n ni mo fẹ́ sọ fún yín, torí ó máa ń dùn mí tí mo bá rí i táwọn èèyàn wa ń pe gbogbo bàálù tó bá ṣáà ti ní ìràwọ̀ pupa ní MiG.

Àkọ́kọ́, ẹ má wo ìràwọ̀, ẹ má sì wo àwọ̀. Ọ̀dà ni, wọ́n lè kùn ún tuntun lọ́la. Bàálù kan náà wà lọ́wọ́ Íjíbítì, ó wà lọ́wọ́ Íńdíà, ó wà lọ́wọ́ Vietnam, ó sì wà lọ́wọ́ Nàìjíríà.

Imú ni kẹ́ ẹ kọ́kọ́ wò. Ẹ wá ibi tí afẹ́fẹ́ ń gbà wọlé, torí ẹ́ńjìnnì jẹ́ẹ̀tì ò lè ṣiṣẹ́ láìmí, ibi tí wọ́n bá sì gbé ihò yẹn sí máa sọ ọjọ́ orí bàálù náà fún yín ju ohunkóhun lọ. Tó bá jẹ́ pé imú gan-an ló lanu sílẹ̀ gbàgà bí ẹnu ìkòkò, tí kò sí nǹkan ṣóńṣó kankan tó yọ jáde níbẹ̀, ayé MiG-15 sí MiG-19 lẹ wà yẹn. MiG-15 kọ́kọ́ fò ní December 1947, ẹ sì jẹ́ n sọ ibi tí wọ́n ti rí ẹ́ńjìnnì ẹ̀ torí ìtàn yẹn ò lè sú mi láé: àwọn Gẹ̀ẹ́sì fúnra wọn ló ta ẹ́ńjìnnì Rolls-Royce Nene fún Sófíẹ́ẹ̀tì, ìyẹn ìjọba Rọ́ṣíà ayé ìgbà yẹn, wọ́n gbé e délé, wọ́n tú u palẹ̀, wọ́n wọn gbogbo nǹkan tó wà nínú ẹ̀, wọ́n ṣe tiwọn, kò ju ọdún mélòó kan lọ tí bàálù tó ń gbé ẹ́ńjìnnì yẹn fi ń bá Amẹ́ríkà àtàwọn Gẹ̀ẹ́sì jà lójú òfúrufú Kòríà.

MiG-15 àti MiG-17 jọra bí ìbejì, ibẹ̀ lọ̀pọ̀ èèyàn ti máa ń ṣì í. Ẹ wo orí apá. Ẹ máa rí irin pẹlẹbẹ tó dúró lóòró láti iwájú apá lọ sẹ́yìn, bí ọgbà kékeré, iṣẹ́ ẹ̀ ni pé kò ní jẹ́ kí afẹ́fẹ́ máa yọ̀ lọ sí ṣóńṣó apá nígbà tí bàálù bá ń fò. Tó bá jẹ́ méjì-méjì lápá kọ̀ọ̀kan, MiG-15 ni. Tó bá jẹ́ mẹ́ta-mẹ́ta, MiG-17. Ti Bàbá, mẹ́ta ni mo kà, ìkẹta ti fẹ́ẹ̀ pa rẹ́ nítorí pé wọ́n ti ká fọ́tò yẹn níbẹ̀, àmọ́ òjìji ẹ̀ ṣì wà lórí apá. Ó sì bá ìtàn mu, torí ọdún 1967 ni ìjọba àpapọ̀ gba MiG-17 lọ́wọ́ Sófíẹ́ẹ̀tì. MiG-19 ní tiẹ̀, ẹ wo ìdí ẹ̀, ihò méjì ni iná ń gbà jáde dípò ẹyọ kan, ó tán.

Tí ihò bá ṣì wà nímú ṣùgbọ́n tẹ́ ẹ rí nǹkan ṣóńṣó kan tó yọ jáde láàárín ẹ̀, tí apá ẹ̀ sì rí bí igun mẹ́ta, MiG-21 nìyẹn. Ó lé ní 10,000 tí wọ́n ṣe ní Sófíẹ́ẹ̀tì nìkan. Nàìjíríà gba tiwa ní 1975, àwọn F-7 tá a sì wá rà lọ́wọ́ Ṣáínà lẹ́yìn náà, ọmọ MiG-21 yẹn náà ni, ẹ wo imú ẹ̀ ẹ máa rí i. Inú ṣóńṣó yẹn ni rédà wà, ìyẹn nǹkan tí bàálù fi ń rí ọ̀tá látọ̀nà jíjìn, wàhálà tó wá wà níbẹ̀ ni pé àyè ibẹ̀ kéré, rédà tó máa wọ ibẹ̀ náà gbọ́dọ̀ kéré, tí rédà bá sì kéré kò lè ríran jìnnà. Ìdí nìyẹn tí wọ́n fi kó ihò afẹ́fẹ́ kúrò nímú lọ sí ẹ̀gbẹ́ nígbà tí wọ́n ṣe MiG-23, tó kọ́kọ́ fò ní 1967, kí imú lè ráyè gbé rédà ńlá. Apá ti MiG-23 tún máa ń ṣí síwájú tó bá fẹ́ gbéra tàbí balẹ̀, á sì ká sẹ́yìn tó bá fẹ́ sáré. Nítorí náà, tẹ́ ẹ bá ti rí bàálù ogun tí imú ẹ̀ dí, tí ihò wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ tàbí lábẹ́ apá, ẹ mọ̀ pé ẹ ti kúrò láyé àtijọ́.

Ìrù ló kàn. Ìrù méjì tó dúró lókè, ihò onígun mẹ́rin ńlá lẹ́gbẹ̀ẹ́ méjèèjì, ara gbẹ̀ǹgbẹ̀ bí àpótí: MiG-25. Ìyẹn ni Viktor Belenko, ṣọ́jà Sófíẹ́ẹ̀tì tó ń wa bàálù, gbé sá lọ sí Hakodate ní Japan ní September 6, 1976. Àwọn Amẹ́ríkà ti ń bẹ̀rù bàálù yẹn tipẹ́, ìgbà tí wọ́n tú u, wọ́n rí i pé irin wúwo ló pọ̀ jù lára ẹ̀, rédà ẹ̀ sì ń lo àwọn gíláàsì kéékèèké bíi ti rédíò àtijọ́ tó gbọ́dọ̀ gbóná kó tó sọ̀rọ̀.

MiG-29 àti Su-27 náà ní ìrù méjì, ẹ wo àárín ẹ́ńjìnnì méjèèjì látẹ̀yìn. Tí ọ̀pá ṣóńṣó kan bá nà jáde láàárín wọn, Su-27 tàbí àwọn àbúrò ẹ̀ ni. Tí kò bá sí, MiG-29 ni. Tí MiG-29 bá sì wà nílẹ̀ tí ẹ́ńjìnnì ẹ̀ ń ṣiṣẹ́, ẹ wo ihò afẹ́fẹ́ ẹ̀, ilẹ̀kùn wà níbẹ̀ tó máa ń pa dé, á wá máa gba ojú ihò tín-ín-rín lórí ẹ̀yìn apá mí, kí òkúta wẹ́wẹ́ má bàa wọ ẹ́ńjìnnì. Wọ́n mọ̀ pé tí ogun bá dé, ibi tí bàálù máa balẹ̀ sí lè má dán. Ọgbọ́n yẹn wù mí gan-an.

Ti àwọn aju-bọ́ǹbù, mo fẹ́ mú ẹyọ kan ṣoṣo: Tu-95. Fáànù ló ń gbé e, ẹ́ńjìnnì mẹ́rin, fáànù méjì-méjì lórí ìkọ̀ọ̀kan, èyí tó wà níwájú ń yí sápá kan, tẹ̀yìn ń yí sápá kejì, apá ẹ̀ sì tẹ̀ sẹ́yìn bíi ti jẹ́ẹ̀tì. Ó kọ́kọ́ fò ní 1952, ó ṣì ń fò dòní.

Ẹlikọ́pítà yá. Gíláàsì méjì tó wú bí ojú ọ̀pọ̀lọ́, ọ̀kan níwájú, ọ̀kan lẹ́yìn ẹ̀ lókè, Mi-24 ni, tàbí Mi-35 bíi tàwọn ológun òfúrufú wa. Èyí tó ní fáànù méjì lórí ara wọn tí kò sì ní fáànù kékeré nídìí, iṣẹ́ Kamov ni, ìyẹn iléeṣẹ́ Rọ́ṣíà kan tó ń ṣe ẹlikọ́pítà. Mi-8 àti Mi-17 le díẹ̀: tí fáànù ìdí bá wà lápá ọ̀tún, Mi-8 àtijọ́, tó bá wà lápá òsì, Mi-17.

Orúkọ ni mo fi ṣe ìkẹyìn. Lẹ́tà tó wà níwájú, orúkọ ẹni tó dá iṣẹ́ náà sílẹ̀ ni. MiG ni Mikoyan àti Gurevich, Su ni Sukhoi, Tu ni Tupolev, Il ni Ilyushin, Mi ni Mil. Látọdún 1940 ni wọ́n ti ní kí bàálù ajà, ìyẹn èyí tó ń bá bàálù míì jà, máa jẹ́ nọ́ńbà tí kò ṣé pín sí méjì, bíi 15, 17, 21, àwọn tó kù á gba èyí tó ṣé pín, àmọ́ ẹ má fọkàn tán an jù, Tu-95 tí mo ṣẹ̀ṣẹ̀ sọ yẹn ò tẹ̀lé e. Tẹ́ ẹ bá wá rí orúkọ bíi Fishbed, Flanker, Bear, Hind, NATO, ìyẹn ẹgbẹ́ ológun Amẹ́ríkà àtàwọn ọ̀rẹ́ ẹ̀, ló fún wọn, F fún ajà, B fún aju-bọ́ǹbù, H fún ẹlikọ́pítà.

Tẹ́ ẹ bá ní fọ́tò àtijọ́ nílé, ẹ yà á sórí fóònù, ẹ fẹ̀ ẹ́, ẹ bẹ̀rẹ̀ látimú, ẹ dé apá, ẹ dé ìrù, nígbà tó bá dá yín lójú, ẹ kọ ọ́ sẹ́yìn ẹ̀ kó má bàa tún sọnù mọ́ àwọn ọmọ lọ́wọ́. Bàbá ti fi báírò kọ "MiG-17" sẹ́yìn tiwọn, wọ́n kọ Kánò sábẹ́ ẹ̀, wọ́n sì ti dá a padà sínú Bíbélì.