Kásẹ́ẹ̀tì Ẹ̀fẹ̀ tí bàbá mi fi sílẹ̀ ní Kétu

Kásẹ́ẹ̀tì 11 ni mo bá nínú páálí bàtà lókè àjà ilé wa ní Kétu, ní orílẹ̀-èdè Benin. Rédíò alágbèéká ni bàbá mi fi gba ohùn inú wọn, láwọn òru tí Ẹ̀fẹ̀, olórin oníbòjú tó ń ṣíwájú ijó Gẹ̀lẹ̀dẹ́, bá jáde, kí ilẹ̀ tó mọ́ tí Gẹ̀lẹ̀dẹ́ yóò bọ́ sójú agbo. Ó kọ “1986” sára ọ̀kan, ọdún 15 gbáko kí UNESCO, àjọ àgbáyé tó ń rí sí àṣà, tó kéde Gẹ̀lẹ̀dẹ́ gẹ́gẹ́ bí ogún àṣà aráyé ní 2001.

Kí n tó fi ọ̀kankan sẹ́nu ẹ̀rọ, mo ṣẹ́ eyín kéékèèké méjì tó wà lẹ́yìn kásẹ́ẹ̀tì kọ̀ọ̀kan. Bí eyín yẹn bá wà níbẹ̀, èèyàn lè ṣi bọ́tìnì tẹ̀, kó sì gba nǹkan mìíràn lé e lórí. Bàbá mi ò ṣẹ́ tiẹ̀. Ìdí nìyẹn tí ìkéde òkú orí rédíò fi kún apá kejì kásẹ́ẹ̀tì kẹrin. (Ẹ̀gbọ́n mi ni mo fura sí.) Mo wá fi ọtí tí àwọn nọ́ọ̀sì fi ń nu ara kí wọ́n tó gúnni lábẹ́rẹ́ rẹ òwú, mo fi nu orí tó ń ka téèpù. Òwú náà dúdú bí ìdí ìkòkò.

Ti 1986 yẹn ló fẹ́ pa mí. Ohùn rẹ̀ ń wá, ó ń lọ. Ìgbà tí mo gbé e síbi ìmọ́lẹ̀ ni mo rí i pé tìmùtìmù tíńtín tó ń ti téèpù mọ́ orí ẹ̀rọ ti já bọ́. Gọ́ọ̀mù rẹ̀ ló gbẹ. Mo ra kásẹ́ẹ̀tì ìwàásù kan lọ́jà, oní síkírúù márùn-ún, torí èyí tí wọ́n bá lẹ̀ pọ̀ kì í ṣeé tú láìfọ́. Mo tú méjèèjì lórí aṣọ funfun, mo sé èémí, mo gbé téèpù wa sínú ike kásẹ́ẹ̀tì ìwàásù náà, mo fi bíìkì yí i títí kò fi dẹ̀ mọ́.

Ó kọrin, àmọ́ bí ẹni tó da aṣọ borí. Síkírúù kékeré kan wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ orí téèpù. Mo ń yí i bín-ín-tín, bín-ín-tín, títí ṣaworo ẹsẹ̀ oníjó fi dún ketekete.

Audacity, ètò kọ̀ǹpútà tí wọ́n fi ń gba ohùn, ni mo fi gbà á sínú kọ̀ǹpútà: WAV, 96 kHz, bíìtì 24. Mi ò lo MP3, torí ó máa ń gé lára ohùn dànù. Kásẹ́ẹ̀tì ìṣẹ́jú 90 kan, bí a bá gbà á ní ojú ọ̀nà ohùn kan ṣoṣo (mono), gba bíi gígábáìtì kan àbọ̀. Mo ṣe ẹ̀dà mẹ́ta, ọ̀kan sì wà lọ́dọ̀ àbúrò mi ní Kùtọnu, kí iná tàbí olè má baà kó gbogbo rẹ̀ lọ lẹ́ẹ̀kan.

Ọmọ ẹ̀gbọ́n mi ní kí n yọ ariwo inú rẹ̀. Mo ní kó lọ yọ ọ́ lára ẹ̀dà tiẹ̀. Inú ariwo yẹn ni ìyá mi ti ń rẹ́rìn-ín.

Nígbà tí apá kìíní 1986 fẹ́ tán, ohùn bàbá mi dún kítí létí ẹ̀rọ: “Ẹ dúró ná, ẹ jẹ́ n yí i padà.” Ọ̀rọ̀ Ẹ̀fẹ̀ ò dúró.