Àṣìṣe Tó Ń Ba Ìgbá Tí A Fi Ooru Omi Sè Lọ́nà Ṣáínà Jẹ́

Suanni qiezi ni wọ́n ń pè é ní Ṣáínà: ìgbá elésè àlùkò tí wọ́n fi ooru omi sè, tí wọ́n fà ya, tí wọ́n wá da áàyù gígún, sọ́ọ̀sì sóyà àti fínígà dúdú lé lórí. Oúnjẹ kíákíá ni. Síbẹ̀, lọ́wọ́ ọ̀pọ̀ ẹni tó ń sè é nílé, omi púpọ̀ ló máa ń wà nídìí àwo, ìgbá á ti dúdú, sọ́ọ̀sì á sì ti di omi lásán. Ohun tó ń fa wàhálà náà kò ju omi lọ.

Láti ọjà ni àwọn kan ti ń ṣì í. Ìgbá Ṣáínà gùn, ó tẹ́ẹ́rẹ́, awọ rẹ̀ fẹ́lẹ́, kóró inú rẹ̀ kò tó nǹkan. Bí èyí rọ̀bọ̀tọ̀ tí awọ rẹ̀ nípọn nìkan lẹ bá rí, ó ṣe é lò, àmọ́ ẹ bó o, kí ẹ sì yọ ibi tí kóró ti pọ̀. Ìgbá kéékèèké funfun tàbí aláwọ̀ ewé tí à ń jẹ ní tútù nílé wa kò bá oúnjẹ yìí mu rárá: ó korò, kóró rẹ̀ sì pọ̀ jù.

Ẹ má gé ìgbá sílẹ̀ kí ẹ tó máa wá iná. Bí wọ́n bá ti gé e ló ti ń pọ́n. Ẹ gbé omi kaná ná, kí ẹ tó gé ìdajì kílò (bí ìgbá gígùn méjì tàbí mẹ́ta) sí gígùn ìka ọwọ́, kí ẹ la ọ̀kọ̀ọ̀kan sí mẹ́rin. Kí wọ́n dọ́gba o, àìjẹ́ bẹ́ẹ̀ èyí tó kéré á ti rọ̀ jù kí èyí tó tóbi tó jinná. Ẹ rẹ ẹ́ fún ìṣẹ́jú márùn-ún sínú omi tí ẹ bu ṣíbí fínígà funfun kan sí, nítorí kíkan rẹ̀ ló ń di àwọ̀ àlùkò ara awọ mú. Kó má pẹ́ jù bẹ́ẹ̀: bíi kànrìnkàn ni ara ìgbá ṣe ń fa omi. Ẹ gbọ̀n ọ́n, kí ẹ nù ún gbẹ.

Inú ìkòkò ni ọ̀rọ̀ wà jù. Ìgbá tí ẹ bá kó sórí omi lílọ́ wọ́rọ́ á pẹ́ nínú ooru kékeré, àwọ̀ rẹ̀ á sì ti lọ kó tó rọ̀. Omi gbọ́dọ̀ ti máa hó yàà, kó má sì kan ìdí àwo. Ẹni tí kò ní agbọ̀n oparun lè gbé àwo náà lé agolo tí wọ́n ti gé orí àti ìdí rẹ̀ kúrò. Ẹ tò ó ní ìpele kan ṣoṣo, ẹ má tò ó léra wọn. Ọmọrí onírin ló ń ṣe jàǹbá jù, torí ooru tó bá kàn án á di omi, á sì máa kán padà sórí ìgbá. Ẹ fi tówẹ́ẹ̀lì mímọ́ we ọmọrí náà, kí ẹ so etí aṣọ rẹ̀ sókè kí iná má bàa ràn án. Iná kíkan, ìṣẹ́jú mẹ́wàá sí méjìlá, láìṣí i wò ṣáá. Bí fọ́ọ̀kì bá wọ ibi tó nípọn jù láìjanpata, ó ti jinná.

Ẹ má da omi tó wà nínú àwo mọ́ sọ́ọ̀sì; kò ní adùn kankan. Ẹ kó ìgbá sínú asẹ́ fún ìṣẹ́jú mẹ́wàá, kí ẹ wá fi ọwọ́ fà á ya ní òró. Ẹ gbàgbé ọ̀bẹ: ibi tó ya jágajàga ni sọ́ọ̀sì ń dì mọ́.

Fún sọ́ọ̀sì: ṣíbí ìjẹun méjì sọ́ọ̀sì sóyà tó ṣàn, tí kò dúdú jù (èyí tó ki, tó dúdú kirikiri, àwọ̀ ló wà fún), ṣíbí kan fínígà dúdú, irú èyí tí wọ́n ń ṣe ní ìlú Zhenjiang ní Ṣáínà, àti ṣíbí tíì kan ṣúgà. Bí fínígà funfun lẹ bá ní, ẹ dín in kù sí ìdajì. Ó mú jù ú lọ. Ẹ gún ọmọ inú áàyù mẹ́rin tàbí márùn-ún, kí ẹ kó o sínú abọ́ pẹ̀lú ata gbígbẹ. Ẹ gbé ṣíbí méjì òróró ẹ̀pà kaná títí á fi máa dán yinrin, kó má tíì rú èéfín, kí ẹ dà á lé e lórí. Ó yẹ kó hó ṣàà. Bí áàyù bá pọ́n bí ilẹ̀ amọ̀, ó ti jó, ó sì ti korò; ẹ gún òmíràn. Ẹ wá po áàyù olóròóró náà mọ́ sọ́ọ̀sì. Òróró yànmọ̀tí, ṣíbí tíì kan, kì í kan iná. Ìgbẹ̀yìn ni ẹ ó dà á sí i.

Iyọ̀ inú sọ́ọ̀sì sóyà á tún fa omi jáde lára ìgbá, nítorí náà ìgbà tí ẹ bá fẹ́ jẹun gan-an ni kí ẹ dà á lé e. Bí ẹ bá máa gbé kan sínú fíríìjì, abọ́ tirẹ̀ ni kí sọ́ọ̀sì wà.