Bí mo ṣe yẹ ìtumọ̀ orúkọ ọmọ wò, ọ̀kọ̀ọ̀kan

Àbúrò mi obìnrin tó lóyún ló fi lísìtì orúkọ ránṣẹ́ sí mi, òun àti ọkọ ẹ̀ ti ṣa àwọn tó wù wọ́n jọ pẹ̀lú ìtumọ̀ tí wọ́n rí lórí íntánẹ́ẹ̀tì, ó wá ní "Ẹ̀gbọ́n mi, ẹ jọ̀ọ́, ẹ bá mi wò ó bóyá òótọ́ ni wọ́n kọ síbẹ̀, torí ohun tí mo máa sọ fọ́mọ nìyẹn tó bá bi mí." Mo gbà pé ó yẹ bẹ́ẹ̀, ni mo bá jókòó ti iṣẹ́ náà.

Ibi tí wọ́n to orúkọ Yorùbá sí ni mo kọ́kọ́ lọ lórí sáìtì tí wọ́n ti rí àwọn ìtumọ̀ náà, kì í ṣe pé orúkọ Yorùbá ni àbúrò mi ń wá o, èdè tí mo gbọ́ ni mo fẹ́ fi dán àwọn tó ni sáìtì náà wò. Wọ́n ní "ọmọ ọba" ni ìtumọ̀ Adé. Ṣé ẹni tó mọ Adébáyọ̀ àti Adéwálé lè kọ irú ẹ̀? Látìgbà yẹn ni mi ò ti gbà wọ́n gbọ́ lórí èdè tí mi ò gbọ́.

Mo tún kọ́pì gbólóhùn tí wọ́n fi túmọ̀ orúkọ kan, mo fi àmì àyọlò sí i níbẹ̀rẹ̀ àti níparí, mo wá a lórí Google. Gbólóhùn yẹn gan-an ló ń jáde ní sáìtì míì, pẹ̀lú àṣìkọ kan náà nínú ẹ̀! Torí náà bí sáìtì tó sọ nǹkan kan náà bá tiẹ̀ pọ̀ bí eèrà, ẹlẹ́rìí kan ṣoṣo ni gbogbo wọn tó bá jẹ́ pé ara wọn ni wọ́n ń kọ́pì.

Ohun tí mo wá ń bi orúkọ kọ̀ọ̀kan ò ju èdè wo ló ti wá, ọ̀rọ̀ wo ni nínú èdè yẹn, àti ìgbà wo ni wọ́n ti ń jẹ́ ẹ. Ọjọ́ orí orúkọ yẹn ló ràn mí lọ́wọ́ jù, àwọn èèyàn kì í sì wò ó rárá. Ẹ wo Vanessa. Wọ́n ní èdè Gíríìkì ni, wọ́n ní labalábá ló túmọ̀ sí. Mo wo ìwé atúmọ̀ èdè Gíríìkì, kò sí irú ọ̀rọ̀ bẹ́ẹ̀ níbẹ̀. Jonathan Swift, òǹkọ̀wé ará Ireland, ló hun orúkọ yẹn fún obìnrin kan tó ń jẹ́ Esther Vanhomrigh, ó mú Van látinú orúkọ bàbá ẹ̀, ó fi Essa tó wá látara Esther kún un, ewì tó ti lò ó sì jáde lọ́dún 1726. Ọdún 1807 ni Fabricius, onímọ̀ nípa kòkòrò, wá sọ ẹ̀yà àwọn labalábá kan ní Vanessa. Orúkọ ti wà kí labalábá tó gbà á, báwo ni labalábá ṣe máa jẹ́ ìtumọ̀ ẹ̀?

Isabella ò gba àkókò. "Bella" tó wà níparí ẹ̀ ni wọ́n rí tí wọ́n fi ní "arẹwà", bẹ́ẹ̀ Elizabeth ló yí padà di Isabel, èdè Hébérù ni gbòǹgbò ẹ̀, ọ̀rọ̀ Ọlọ́run àti ìbúra ló sì wà nínú ẹ̀. Ti Michael dùn mí díẹ̀, torí wọ́n kọ "ẹni tó dà bí Ọlọ́run" síwájú ẹ̀, nígbà tó jẹ́ pé ìbéèrè ni lédè Hébérù, "Ta ló dà bí Ọlọ́run?", ìdáhùn ẹ̀ sì ni pé kò sẹ́nì kankan. Wọ́n ti yí i kọjú sẹ́yìn pátápátá.

Mary ló gba àkókò mi jù. Miriam lédè Hébérù nìyẹn, àwọn kan ní kíkorò, àwọn kan ní àyànfẹ́, àwọn míì ní "ìràwọ̀ òkun". Ti ìràwọ̀ yẹn, Jerome tó túmọ̀ Bíbélì sí èdè Látìn ló pè é ní stilla maris, ìyẹn ẹ̀kán omi òkun, àwọn tó ń da ìwé kọ ló jọ pé wọ́n sọ stilla di stella, tó jẹ́ ìràwọ̀. Àwọn onímọ̀ ò tíì fẹnu kò lórí Mary di báyìí, ohun tí mo sì kọ síwájú ẹ̀ nìyẹn, "kò dájú", torí mo rò pé ìyẹn sàn ju kéèyàn mú èyí tó dùn mọ́ ọn létí.

Amara, ẹ ṣọ́ra fún un. Lédè Ígbò oore-ọ̀fẹ́ ni, lédè Látìn kíkorò ni, ìkọ̀wé wọn ló jọra, kò sóhun tó pa wọ́n pọ̀. Cameron náà, lédè Gaelic ti Scotland, "imú wíwọ́" ni wọ́n sábà máa ń túmọ̀ ẹ̀ sí, orúkọ ìdílé ló sì kọ́kọ́ jẹ́. Ó ṣì lè wù wọ́n o, àmọ́ ó yẹ kí wọ́n mọ̀.

Nevaeh ni mo yẹ̀ wò kẹ́yìn, tí sáìtì kan ní orúkọ àtijọ́ ni. Ìjọba Amẹ́ríkà ní àkọsílẹ̀ orúkọ ọmọ ọdọọdún láti 1880, mo sì wo ibẹ̀: ọdún 2001 ló ṣẹ̀ṣẹ̀ wọ inú ẹgbẹ̀rún orúkọ tó gbajúmọ̀ jù, lẹ́yìn tí olórin kan, Sonny Sandoval, sọ orúkọ ọmọ ẹ̀ lórí tẹlifíṣọ̀n lọ́dún 2000. "Heaven" tí wọ́n kọ láti ẹ̀yìn wá síwájú ni, kò sí èdè àtijọ́ kankan nídìí ẹ̀.