Àpò ìyẹ̀fun kan ní Ìkòròdú: bí ẹ ṣe lè ṣe búrẹ́dì tà kówó má sọnù

Ẹni tó bá fẹ́ dá ilé búrẹ́dì sílẹ̀ ní Ìkòròdú, síkéèlì ni kó kọ́kọ́ rà kó tó wo ojú míkísà. Kọ́ńgò ni ọ̀pọ̀ fi ń wọn ìyẹ̀fun, ojú ni wọ́n fi ń wọn omi, ìdí nìyẹn tí búrẹ́dì òní kò fi jọ ti àná. Oníbàárà kì í bá èèyàn jà lórí ẹ̀. Ilé búrẹ́dì kejì ló máa gbà lọ.

Ẹ kọ́ṣẹ́ ná. Kéèkì àti míìtì páì ṣeé fi ààrò gáàsì kékeré bẹ̀rẹ̀ nínú ilé, torí ẹni tó fẹ́ ẹ ti sanwó kí ẹ tó pò ó. Búrẹ́dì ò rí bẹ́ẹ̀: ẹ ó ti ṣe é tán kí ẹ tó mọ ẹni tó máa rà á. Ẹ wá ilé búrẹ́dì tó ń ṣiṣẹ́ lóru, kí ẹ bá wọn ṣe é fún oṣù 6 ó kéré tán, kí ẹ sì pẹ́ nídìí ààrò ju ìdí tábìlì lọ. Ìdí ààrò ni owó ti ń jóná.

Fún búrẹ́dì Àgége, àpò ìyẹ̀fun kan tó jẹ́ kílò 50 máa gba omi lítà 24, ṣúgà kílò 7, bọ́tà kílò kan ààbọ̀, iyọ̀ gíráàmù 600 àti yíìsì gbígbẹ gíráàmù 350. Gbogbo rẹ̀ á tó kílò 83. Bí ẹ bá ń gé e ní gíráàmù 700, ẹ ó rí 118. Ẹ ka 115, torí díẹ̀ á lẹ̀ mọ́ abọ́ àti tábìlì. Ààrò náà á gba ìdá kan nínú mẹ́wàá, nítorí náà èyí tó máa wọ ọ̀rá á ku bíi gíráàmù 630. Bí ọmọ iṣẹ́ bá ń fi gíráàmù 50 péré lé e nígbà tó ń gé e, búrẹ́dì 7 ti bá a lọ lórí àpò kan. Ẹ ṣírò ẹ̀ dé ìparí oṣù.

Omi ló ń da èèyàn láàmú jù níhìn-ín. Ooru tiwa pọ̀, míkísà fúnra rẹ̀ sì ń dá ooru kún un. Bí ẹ bá pò ó tán, ẹ ti tẹmómítà bọ àárín rẹ̀: dígírì Celsius 27 tàbí 28 ló yẹ kó wà. Bó bá ti kọjá 30, yíìsì á sáré, á jẹ ṣúgà tán, búrẹ́dì á máa rùn bí ọtí, ara rẹ̀ kò sì ní pọ́n dáadáa nínú ààrò. Àtúnṣe rẹ̀ ni pé kí ẹ yọ lítà 5 nínú omi 24 yẹn, kí ẹ fi kílò 5 yìnyín fífọ́ wẹ́wẹ́ dípò rẹ̀. Ẹ sì tọ́ omi kànga wò kí ẹ tó lò ó. Bó bá ń ta bí iyọ̀ lẹ́nu, ẹ ra omi.

Yíìsì tí wọ́n ti tú, inú fíríìjì ni kó wà, kí ẹ dì í lẹ́nu dáadáa. Bí ẹ bá ń ṣiyèméjì, ẹ da ṣíbí kékeré kan sínú ife omi lílọ́wọ́ọ́wọ́ tó ní ṣúgà díẹ̀. Lẹ́yìn ìṣẹ́jú 10, bí kò bá hó, ó ti kú. Omi gbígbóná ń pa á, ẹ má sì jẹ́ kí iyọ̀ jókòó lé e lórí.

Rólà, ẹ̀rọ tó ń tẹ ìyẹ̀fun pípò pẹlẹbẹ, ló ń sọ ọ́ di Àgége. Ẹ tì í bọ inú rẹ̀ ní ìgbà 10 sí 15, kí ẹ máa ká a, títí ara rẹ̀ á fi dán bí aṣọ tí wọ́n lọ̀. Ẹ gé díẹ̀, kí ẹ rọra fà á níwájú iná: bí ìmọ́lẹ̀ bá là á já kó tó ya, ó ti dé. Bó bá tètè ya, ẹ dá a padà sínú rólà. Ẹni tó bá ń sá fún rólà á ṣe búrẹ́dì tó tóbi lójú, tó fúyẹ́ lọ́wọ́. Ẹni tó ń fi í jẹ ẹ̀wà aganyìn ló máa kọ́kọ́ mọ̀, torí inú ata ló máa yọ́ sí.

Nínú páànù, ó lè wú fún wákàtí kan ààbọ̀ sí méjì ààbọ̀. Ìka ni kí ẹ bi, kì í ṣe aago. Ẹ tẹ̀ ẹ́: bó bá ta padà kíá, ẹ ní sùúrù, bó bá rọra padà tí ojú ìka ṣẹ́ kù díẹ̀, ẹ gbé e wọlé. Bí kò bá padà rárá, ó ti kọjá, á wó lulẹ̀ nínú ààrò, kò sì sí oògùn rẹ̀. Ààrò, dígírì Celsius 200 sí 210, ìṣẹ́jú 30 sí 35. Tẹmómítà tó bá kà 94 láàárín búrẹ́dì ti fi yín lọ́kàn balẹ̀.

Ẹ jẹ́ kó tutù fún wákàtí 2 kó tó wọ ọ̀rá. Èyí tí wọ́n fi gbígbóná dì máa ń làágùn sínú ọ̀rá, á sì hu funfun láàárín ọjọ́ méjì.

Ẹnìkan á wá fi potassium bromate lọ̀ yín pé ó ń jẹ́ kó wú. NAFDAC ti fòfin dè é, torí ó lè fa jẹjẹrẹ. Fítámì C gíráàmù 3 sí 5 lórí àpò kan ń ṣe iṣẹ́ yẹn. Ẹ gba nọ́ńbà NAFDAC kí ẹ tó tẹ orúkọ sára ọ̀rá.

Kí aago 5 ìdájí tó lù, ó yẹ kí búrẹ́dì ti wà lọ́wọ́ àwọn tó ń tà á ní Sábó, ní Èbúté tí wọ́n ti ń wọ ọkọ̀ ojú omi, àti lẹ́nu ọ̀nà àwọn ilé iṣẹ́ Odògúnyàn. Àwìn ò ṣeé yẹ̀ pátápátá, àmọ́ ẹni tí kò bá tíì san ti àná, ìdajì ni kí ẹ fún un lónìí. Nígbà tí ẹ bá ń fi owó lé e, ẹ kó owó ìyẹ̀fun, ṣúgà, igi tàbí díísù, ọ̀rá, owó òṣìṣẹ́ àti iye tí kì í tà pọ̀, kí ẹ pín in sí 115. Ẹ má fi 118 pín in.